Igi Tí Amihan Ṣírò

"Amihan, o tún ń ya àwòrán!" Rodel, ọmọ kíláàsì rẹ̀, já bírò gbà lọ́wọ́ rẹ̀. "Wọ́n ti yanjú gbogbo ìṣirò inú ìwé yìí, kí lo tún ń da ara rẹ láàmú sí? Há a sórí, kó o lọ tú u sílẹ̀ lọ́jọ́ ìdánwò."

Amihan rẹ́rìn-ín, ó sì há a. Bí igi ṣe ń gbé ẹrù, bó ṣe ń tẹ̀, ìgbà tó máa kán, ó há gbogbo rẹ̀ bí orin. Nígbà tí èsì jáde ní ilé ẹ̀kọ́ṣẹ́ wọn ní ìlú Iloilo létí òkun, òun ló ṣe ipò kìíní. Bàbá rẹ̀, Crispulo apẹja, ò jẹ́ kí etí ará àdúgbò sinmi. "Ẹnjiníà wà nílé mi o!"

Nígbà tó yá, Crispulo fẹ́ fa ilẹ̀ pákó ilé wọn síwájú lórí omi, kí ìyàwó rẹ̀ lè máa sá ẹja níbẹ̀. Ó ní kí Amihan ṣírò bí igi abẹ́ rẹ̀ ṣe máa nípọn tó. Amihan rí ìṣirò kan tó jọ ọ́ nínú ìwé, ó fi iye tiwọn rọ́pò tibẹ̀, ó parí ẹ̀ kí ìrẹsì tó jinná.

Isko káfíńtà mirí. "Crispulo, igi yìí ti tín-ín-rín jù."

"Ìwọ lo lọ sílé ìwé ni, àbí ọmọ mi?"

Isko kàn án bí wọ́n ṣe wí.

Lọ́jọ́ kẹta, Crispulo gbé agbọ̀n ẹja jáde síbẹ̀. Igi náà kán gbà! Crispulo já lu òpó ilé nísàlẹ̀, egungun ìbàdí rẹ̀ sì fọ́.

Ìgbà yẹn ni Amihan ṣẹ̀ṣẹ̀ wo àwòrán inú ìwé. Yéè! Òpó méjì ló gbé igi tinú ìwé, lọ́tùn-ún lósì. Tiwọn, orí kan péré ni wọ́n dè mọ́lẹ̀. Orí kejì nà sójú omi láìsí òpó kankan. Ìnira tí ẹrù ń kó bá irú igi bẹ́ẹ̀ jẹ́ ìlọ́po mẹ́rin ti igi inú ìwé.

Isko wá kí wọn ní ọsibítù. Kò tíì jókòó tí Crispulo fi bú u: "Igi jíjẹrà lo kàn fún mi!" Isko sorí kọ́. Gbogbo àwọn tó wá kíni ń wò ó tìkà tẹ̀gbin.

Amihan ì bá dákẹ́, àmọ́ kò lè jẹ́ kí Isko ru ẹ̀bi náà. Ojú ń tì í bó ṣe ń sọ̀rọ̀. "Bàbá, igi ò jẹrà. Èmi ni mo ṣì í ṣe. Ìdáhùn ni mo há, mi ò mọ ohun tí mò ń ṣírò."

Crispulo kọjú sógiri. Kò bá a sọ̀rọ̀ lọ́jọ́ náà, kò bá a sọ̀rọ̀ lọ́jọ́ kejì. Dókítà ní kò ní lè wọkọ̀ lọ pẹja mọ́ láyé.

Ẹ̀yin ọmọ tí ẹ ń kàwé, àkọ́sórí lè fún yín ní máàkì. Ẹni tí ò bá mọ ìdí ohun tó kọ sílẹ̀, kó má fi ẹ̀mí èèyàn lé e lórí. Amihan ti wá mọ èyí báyìí, àmọ́ ẹ̀pa ò bóró mọ́.