Oríkì Tí Fàtíà Kò Yí Padà

Nígbà tí Fàtíà ti ilé ìwé dé lọ́jọ́bọ̀ náà, ó bá bàtà ọkùnrin mẹ́rin lẹ́nu ọ̀nà ilé wọn ní Ìgándò. Ó kúnlẹ̀ kí wọn ní pálọ̀. Àlàájì Ṣàíbù, olórí ẹbí, mú bébà kan dání. Bàbá Fàtíà tẹrí ba, Ìyá àgbà sì jókòó lórí ẹní. Fàtíà mọ bébà náà.

Òun ló kọ ọ́. Lóṣù tó kọjá, òǹkọ̀wé kan, Matilda Báyọ̀dé, wá sí ilé ìwé wọn. Ìwé rẹ̀ dá lórí bí wọ́n ṣe ń fojú tín-ínrín ènìyàn dúdú nílẹ̀ òyìnbó, àti bí àwa náà ṣe ń fojú tín-ínrín ara wa nílé. Ó ní, "Ẹ kọ ohun tí ilé yín kì í sọ. Èyí tó bá dára jù, màá gbé e jáde sórí íńtánẹ́ẹ̀tì." Ọmọ tó fẹ́ dòǹkọ̀wé gbọ́ irú ìyẹn, ṣé oorun á kùn ún?

Fàtíà sì ní ohun tí ilé wọn kì í sọ. Ìyá àgbà ló sọ fún un lọ́jọ́ kan tó ń di irun fún un, pé ẹrú ni baba ńlá wọn. Ọ̀nà jíjìn ni wọ́n ti rà á wá. Olówó rẹ̀, baba ńlá àwọn Àlàájì Ṣàíbù, sọ ọ́ dọmọ, ó sì fún un nílẹ̀ tí ilé wọn wà lórí rẹ̀ yìí.

"Ẹbí ò mọ̀ o," Ìyá àgbà ní. "Jẹ́ kó kú sí ọ nínú."

Fàtíà yí orúkọ gbogbo ènìyàn padà nínú ìtàn náà, ó yí ti àdúgbò padà. Oríkì ìdílé nìkan ló fi sílẹ̀, torí ó dùn mọ́ ọn jù: ọmọ afomi-tútù-pàdé-àlejò. Ọmọ tó gbọ́n tó báyìí, kò rántí pé orúkọ bíi Ṣàíbù pọ̀ ní agbègbè Álímọ́ṣọ́ wọn, ṣùgbọ́n ìdílé kan ṣoṣo ni wọ́n ń kì báyẹn. Ìtàn rẹ̀ ni òǹkọ̀wé náà gbé jáde sórí íńtánẹ́ẹ̀tì, ibẹ̀ ni ẹbí ti rí i.

"Àròsọ ni àbí òótọ́?" Àlàájì bi í, ohùn rẹ̀ tútù.

"Àròsọ ni, sà."

Àlàájì gbé Àlùkùránì síwájú Ìyá àgbà. "Ẹ̀yin ńkọ́, Màmá? Ẹ búra pé àròsọ ni."

Ìyá àgbà kò fọwọ́ kan án. "Mi ò lè búra èké."

Àwọn ọkùnrin náà dìde. "Ẹrú kì í jogún ilẹ̀ wa," Àlàájì wí, wọ́n sì jáde. Kí ilẹ̀ ọjọ́ kejì tó mọ́ dáadáa, wọ́n ti fi ọ̀dà pupa kọ ọ́ sára ògiri pé kí wọ́n kó jáde láàárín ọjọ́ mẹ́rìnlá.

Fàtíà pe òǹkọ̀wé náà. Obìnrin náà ní kò sí ìtìjú nínú òótọ́, àwọn tó ta ènìyàn ni kójú tì. Òótọ́ lobìnrin náà sọ, ṣùgbọ́n òun kọ́ ló ń gbé ilé yẹn.

Fàtíà bá Ìyá àgbà níbi tó ti ń ká aṣọ sínú àpò. Ó kúnlẹ̀ níwájú rẹ̀, ó ń sunkún.

"Ìwé tó o kọ dára," Ìyá àgbà wí, kò wojú rẹ̀. "Ká ní o bi mí ni, bóyá mi ò bá gbà, bóyá mi ò bá kọ̀. O ò bi mí."

Ẹyin lohùn, bó bá balẹ̀, fífọ́ ní í fọ́. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ fẹ́ dòǹkọ̀wé, ẹ kọ òótọ́, ẹ má bẹ̀rù. Ṣùgbọ́n ẹni tó fi àṣírí rẹ̀ sí yín lọ́wọ́, ẹ kọ́kọ́ bi í. Òun ló máa san gbèsè rẹ̀.