Ẹni Tó Yẹ Kó Kọ́kọ́ Gbọ́

Ẹrẹ̀ ni Adérìnsọ́lá kọ́kọ́ rí kí ó tó rí ẹni tó gbé e wọlé. Ipasẹ̀ bàtà ńlá bẹ̀rẹ̀ láti ẹnu ọ̀nà ilé-ìkàwé kọ́lẹ́jì tó ti ń ṣiṣẹ́ ní Amẹ́ríkà, ó sọ̀kalẹ̀ wá sí yàrá tí wọ́n ń kó ìwé àtijọ́ pamọ́ sí, ó sì parí síwájú tábìlì rẹ̀. Níbẹ̀ ni ọkùnrin gíga kan dúró sí, ó dú bí kóró iṣin, òjò ń kán tótó láti irùngbọ̀n rẹ̀, ó sì fi téèpù funfun kan sọ́rùn ọwọ́ bí ẹni wọ ẹ̀gbà.

“Ẹ dúró síbẹ̀!” ni Adérìnsọ́lá fi Gẹ̀ẹ́sì kígbe.

Ọkùnrin náà ka orúkọ tó wà lórí tábìlì, ó rẹ́rìn-ín. “Adérìnsọ́lá! Ẹ má bínú, ọmọ ọba. Adé yín rìn sínú ọlá. Èmi rìn sínú wàhálà. Ẹ fún mi ní àkísà, mo mọ ilẹ̀ nù.”

Ó nu ilẹ̀ náà tán pátápátá kí ó tó sọ ohun tó bá wá. Ọládipúpọ̀ ni orúkọ rẹ̀, ọmọ Ìbàdàn, òun ló ń tọ́jú ẹsẹ̀ àti èjìká àwọn agbábọ́ọ̀lù kọ́lẹ́jì, bọ́ọ̀lù Amẹ́ríkà tí wọ́n ń gbé mọ́ àyà sáré. Kóòṣì ló rán an: ó fẹ́ ka ìtàn ẹgbẹ́ ọdún 1943 fún àwọn ọmọ rẹ̀.

Ìwé ẹgbẹ́ yẹn gan-an ni Rìnsọ́lá ti ń tò láti oṣù mẹ́ta. Mẹ́rìnlélọ́gbọ̀n ni wọ́n nígbà tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ ní oṣù kẹsàn-án. Ọ̀sẹ̀ kọ̀ọ̀kan ni lẹ́tà ìjọba ń kó díẹ̀ lọ sójú ogun. Nígbà tó di ìdíje ìkẹyìn, mọ́kànlá péré ló kù, kò sí ẹni tí yóò rọ́pò wọn bó bá rẹ̀ wọ́n.

“Wọ́n borí?”

“Wọ́n fìdí rẹmi. Ṣùgbọ́n wọ́n gbá a parí.”

Ọládipúpọ̀ padà wá lọ́jọ́ kejì, ó wá lọ́jọ́ kẹta, títí kò fi rí àwáwí mọ́. Kí ewé tó pupa tán lójú ọ̀nà Laurel, “ẹ” ti di “o” láàárín wọn, Rìnsọ́lá tí kò fẹ́ràn ariwo sì ti ń jókòó sí pápá ní gbogbo Sátidé. Ó ń pe ọkùnrin náà ní Àkànní, ọkùnrin náà ń pè é ní Àbẹ̀ní.

Ọládipúpọ̀ kò fi ohun kan pa mọ́ fún un: ó jẹ́ ọ̀kan nínú àwọn ológun tí ń ṣiṣẹ́ ara wọn nílé, tí ìjọba ń pè bí ogun bá dé. Ogun sì ti dé lókè òkun lọ́dún náà. Bí fóònù Ọládipúpọ̀ bá ti dún, Rìnsọ́lá á fi ohun tó ń ṣe sílẹ̀ títí yóò fi mọ ẹni tó pè.

Ọjọ́ Ìsinmi kan, Rìnsọ́lá àti àwọn òbí rẹ̀ ti ṣọ́ọ̀ṣì dé sí ilé wọn ní Lake Arbor, wọ́n ń jẹun. Ìyá rẹ̀ ní, “Rìnsọ́, bá mi bi Dípúpọ̀, ṣé wọ́n ń jẹ́ kí wọ́n mú kílíṣí lọ sójú ogun?”

Ṣíbí dúró lẹ́nu Rìnsọ́lá. Bàbá rẹ̀, Ọ̀gbẹ́ni Ìgè apoògùn, wúkọ́.

Bẹ́ẹ̀ ni Rìnsọ́lá ṣe gbọ́. Ó ti pé ọ̀sẹ̀ kan tí wọ́n ti pe Ọládipúpọ̀ sójú ogun. Ó ti wá dọ̀bálẹ̀ fún bàbá, ó bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n rọra fi ọgbọ́n àgbà sọ ọ́ fún ọmọ wọn. Bàbá ń wá ọjọ́ tó dára. Ọmọkùnrin náà tún tọrọ pé kí wọ́n ṣe mọ̀-mí-n-mọ̀-ọ́ kí òun tó lọ, wọ́n sì dá a lóhùn pé kò sí i àfi tó bá padà: “N kò ní jẹ́ kí ọmọ mi di opó kí ó tó di ìyàwó.”

Rìnsọ́lá wa ọkọ̀ lọ bá Ọládipúpọ̀ ní pápá lọ́jọ́ kejì.

“Ọjọ́ mélòó ló kù?”

“Méjìlá. Àbẹ̀ní, jọ̀ọ́. Nílé wa, a kì í já irú ọ̀rọ̀ báyìí lu ènìyàn. Àgbà la fi ń túfọ̀.”

“O ti kú ni, tí o fi ń túfọ̀ ara rẹ?”

Rìnsọ́lá kẹ̀yìn sí i, ó wọ ọkọ̀ rẹ̀ lọ. Ọjọ́ mẹ́rin ni kò gbé fóònù rẹ̀. Kò lè sùn, kò lè jókòó. Ó ń to ìwé tó ti tò. Lọ́jọ́ karùn-ún ni ó kan èsì tí àwọn agbábọ́ọ̀lù 1943 kọ nígbà tí kọ́lẹ́jì ní kí wọ́n dá bọ́ọ̀lù dúró títí ogun yóò fi parí. Gbólóhùn kan ni: “Àwa tó kù yóò gbá a.”

Ó gba Lake Arbor lọ, ó kúnlẹ̀ níwájú bàbá rẹ̀.

“Dádì, ẹ ní kí n dúró. Bí ó bá kú lọ́hùn-ún, ṣé n kò ní sunkún nítorí pé ẹ kò tí ì gbà á? Opó náà ni màá jẹ́, opó tí kò sẹ́ni tí yóò bá a kẹ́dùn.”

Bàbá bọ́ awò ojú, wọ́n nù ún fún ìgbà pípẹ́. “Sọ fún un kó wá lọ́jọ́ Ìsinmi. Kó mú àgbà kan dání.”

Rìnsọ́lá jíṣẹ́ náà fún Ọládipúpọ̀ létí pápá.

“Ṣé o ti dárí jì mí nìyẹn?”

“Dádì ló ní kí o wá. Èmi ṣì ń rò ó.”

Lọ́jọ́ Ìsinmi, Ọládipúpọ̀ mú ẹ̀gbọ́n bàbá rẹ̀ dání wá, ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja, bàbá Rìnsọ́lá sì fà á dìde, wọ́n gbà á.

Ní àárọ̀ ọjọ́ tó ń lọ, wọ́n dúró ní ibùdókọ̀ ojú irin New Carrollton, àpò ológun wà láàárín wọn. Rìnsọ́lá kò sunkún.

“Ohun kan ni mo fẹ́ kí o ṣèlérí. Ire ni o, ibi ni o, èmi ni kí o kọ́kọ́ sọ fún.”

Ọkọ̀ ń bọ̀ lọ́ọ̀ọ́kán. Ọládipúpọ̀ wo ojú irin, ó wo ojú rẹ̀, ẹ̀rín ẹnu rẹ̀ sì rọra kúrò.

“Àbẹ̀ní, ẹ̀rù ń bà mí. N kò tí ì sọ fún ẹnikẹ́ni.”

Rìnsọ́lá di ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì mú. “Mo ti gbọ́, ọkọ mi,” ni ó wí.