Géèmù Tí Kò Gba Rárá

Ẹni tó bá rò pé àròsọ ni, kó lọ sí Kofar Kware ní Sokoto, kó béèrè Kíkẹ́lọmọ, obìnrin olùkọ́ ará Ògbómọ̀ṣọ́. Yóò bá a nílé. Ọ̀rọ̀ náà ò tíì tán.

Ọ̀sán gangan ni, nínú ooru oṣù kẹrin tó máa ń lé gbogbo Sokoto wọlé. Iná ti lọ. Àdúgbò pa lọ́lọ́. Àwọn ewúrẹ́ pàápàá dákẹ́. Kíkẹ́lọmọ jókòó ti kọ̀ǹpútà rẹ̀ tó ń fi bátìrì ṣiṣẹ́. Agùnbánirọ̀ kan, Ṣẹ́gunfúnmi ọmọ Ìjẹ̀bú, ló ṣe géèmù oko kan fún àwọn ọmọdé, Kíkẹ́lọmọ sì bá a túmọ̀ ọ̀rọ̀ inú rẹ̀ sí Yorùbá.

Iṣẹ́ náà kò le. Nínú fáìlì èdè, ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan ní orúkọ lápá òsì, ìtumọ̀ rẹ̀ wà lápá ọ̀tún. Géèmù á pe orúkọ, á gbé ìtumọ̀ síta. Ohun tí kò bá sí nínú fáìlì, géèmù ò lè sọ ọ́.

Ó ṣí géèmù náà láti yẹ iṣẹ́ rẹ̀ wò. Àgbẹ̀ kékeré inú rẹ̀ ń rìn láàárín ọkà bàbà. Ó dúró. Ọ̀rọ̀ yọ lókè orí rẹ̀:

Ṣé kí n wọlé?

Kíkẹ́lọmọ kò kọ ọ̀rọ̀ yẹn. Ó wá a nínú fáìlì. Kò sí níbẹ̀. Bọ́tìnnì méjì wà nísàlẹ̀ ìbéèrè náà. Ìkíní: Bẹ́ẹ̀ ni. Ìkejì: Bẹ́ẹ̀ ni.

Orí rẹ̀ wú. Ó padà sínú fáìlì. "Rárá" wà níbẹ̀ bó ṣe kọ ọ́, àmì orí rẹ̀ pé. Ó pa á rẹ́, ó kọ "Mo kọ̀." Ó tún géèmù ṣí. Bẹ́ẹ̀ ni. Ó kọ "Kò sáàyè." Bẹ́ẹ̀ ni. Ó yí i sí èdè Hausa. "In shigo?" ni àgbẹ̀ náà ń béèrè, "Eh" ló sì wà lójú bọ́tìnnì méjèèjì.

Ó pe Ṣẹ́gunfúnmi lórí fóònù.

"Ṣẹ́gun, ṣé ìwọ náà rí ìbéèrè kan nínú géèmù yìí?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, ẹ̀gbọ́n."

"Ṣé o tẹ̀ ẹ́?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, ẹ̀gbọ́n."

"Kí ló dé tí o fi tẹ̀ ẹ́?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, ẹ̀gbọ́n."

Kíkẹ́lọmọ ní kó máa bọ̀ kíá. Ṣẹ́gunfúnmi fẹsẹ̀ rìn dé nínú oòrùn yẹn. Kò làágùn.

"Ṣé ebi ń pa ọ́?"

"Bẹ́ẹ̀ ni."

"Ṣé o ti yó?"

"Bẹ́ẹ̀ ni."

"Ṣé o fẹ́ kí èmi náà tẹ̀ ẹ́?"

"Bẹ́ẹ̀ ni," ni ẹnu rẹ̀ wí. Ṣùgbọ́n omi ti kún ojú rẹ̀, ó sì ti di ọwọ́ Kíkẹ́lọmọ mú pinpin, ó ń fà á kúrò nídìí kọ̀ǹpútà.

Ìgbà yẹn ni ẹ̀rù kúrò lára obìnrin náà, tí inú sì bí i. Ó dojú kọ kọ̀ǹpútà.

"Rárá. Ilé mi nìyí. Ẹni tí mi ò pè kì í wọ ibẹ̀."

Ìbéèrè náà parẹ́. Òmíràn yọ, lẹ́tà kan tẹ̀lé èkejì, pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́:

Ṣé ó dá ọ lójú?

Bẹ́ẹ̀ ni. Bẹ́ẹ̀ ni.

Ó dá a lójú lóòótọ́. Ìka rẹ̀ ti fẹ́ẹ̀ kan bọ́tìnnì. Ó fà á padà.

"Ẹnu ara mi ni màá fi sọ ọ́," ó wí. Kò tẹ ohunkóhun.

Kọ̀ǹpútà náà wà níbẹ̀ títí di òní. Kò sẹ́ni tó so ó mọ́ iná mànàmáná, kò sì kú. Ní ọ̀sọ̀ọ̀sán ni Ṣẹ́gunfúnmi máa ń wá jókòó, tí yóò kẹ̀yìn sí i.

"Sọ pé rárá," Kíkẹ́lọmọ á wí.

"Bẹ́ẹ̀ ni."

"Tún un sọ."

Lánàá, ètè rẹ̀ gbọ̀n. "Rá...," ó wí.

Ẹnìkan kan ilẹ̀kùn.

Kíkẹ́lọmọ kò bojú wẹ̀yìn.

"Tún un sọ," ó wí.