Ẹ Jẹ́ Kí Igi Máa Ké

Bí ọmọ tuntun bá dé ilé, gbogbo ohun tó ń pariwo di ọ̀tá. A ó ní kí wọ́n rọra ti ilẹ̀kùn, a ó ní kí aládùúgbò rẹ ohùn sílẹ̀. Ní ilé tọkọtaya kan níbí, lábẹ́ ilẹ̀ tí gbogbo wa ń gbé, igi ni wọ́n ní kó dákẹ́.

Ẹ mọ irú igi bẹ́ẹ̀. Ó dúró láàárín yàrá, láti ilẹ̀ dé àjà, wọ́n sì há igi pẹlẹbẹ kékeré kan sí orí rẹ̀ kó lè fún mọ́ àjà dáadáa. Ọkọ máa ń fi fìlà rẹ̀ kọ́ sára rẹ̀, ìyàwó sì ń sá aṣọ ọmọ sí i.

Ọkọ yìí, ẹ jẹ́ ká máa pè é ní Bàbá Ọmọ, nítorí láti ìgbà tí wọ́n ti bímọ kò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni pe òun lórúkọ mìíràn mọ́. Òkúta ìmọ́lẹ̀ tó ń tàn nínú ilé gbogbo wa ló ń wa jáde níṣẹ́. Ibi iṣẹ́ rẹ̀ jìn: àlọ rẹ̀, wákàtí méjì, àbọ̀ rẹ̀, wákàtí méjì. Ọmọ á ti sùn kó tó dé. Ó ń dùn ún, ta ló sì máa bá a wí?

Ẹ̀yìn yàrá wọn gan-an ni òpó òkúta kan wà, ọ̀kan nínú àwọn tí àwọn tó kọ́kọ́ gbẹ́ ìlú yìí fi sílẹ̀ kí òkè má baà wó lé wa lórí. Òkúta ìmọ́lẹ̀ pọ̀ nínú rẹ̀. Ni Bàbá Ọmọ bá bẹ̀rẹ̀ sí í gbẹ́ ẹ díẹ̀díẹ̀, dípò kó máa rin ọ̀nà jíjìn. Òpó jíjẹ là ń pe irú iṣẹ́ yìí, ẹ sì mọ bó ṣe ń dá ìjà sílẹ̀ ládùúgbò. Àwọn kan ní èèwọ̀ ni. Àwọn kan ní òpó sanra jù, pé kí ni bíbù díẹ̀ máa ṣe fún un. Bàbá Ọmọ ní bí òun bá fi odidi ọdún kan gbẹ́ ẹ, á ṣì sanra ju òun àti ìyàwó òun pọ̀ lọ. Ìyàwó rẹ̀ ní kó yọ òun kúrò nínú àpèjúwe rẹ̀.

Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ni inú ilé náà fi dùn. Ọkọ ń tètè délé, ó ń wẹ ọmọ, ó ń kọ orin tí kò dùn létí. Lẹ́yìn náà ni igi bẹ̀rẹ̀ sí í ké, kẹ̀rẹ̀ẹ̀, kẹ̀rẹ̀ẹ̀, bí ilẹ̀kùn tí kò rí òróró. Ọmọ á ta gìrì, á bú sẹ́kún. Ìyàwó ní kí wọ́n pe àwọn olùṣọ́ àjà wá yẹ òkè wò. Ọkọ ò fẹ́ kí olùṣọ́ àjà kankan dé ẹ̀yìnkùlé òun, ẹ̀yin náà mọ ìdí. Ó ní ogbó ló ń da igi láàmú. Ó gun àpótí, ó fi òòlù gbá igi pẹlẹbẹ orí rẹ̀ jáde. Kẹ́kẹ́ pa mọ́ igi lẹ́nu. Ìyàwó kí i kú iṣẹ́, gbogbo wọn sì sùn dáadáa.

Ọjọ́ kẹta ni ìyá ọkọ wá wo ọmọ. Ìyá Akanjà ni wọ́n ń pè é, nítorí ogójì ọdún ló fi jẹ́ olùṣọ́ àjà, tó ń fi ọ̀pá kan àjà onílé gbogbo, tó ń gbọ́ bóyá ó dún bí òkúta tó le tàbí bí àgbá òfìfo. Ó gba ọmọ, ó gbé e jó, ó ní imú bàbá rẹ̀ ló gbé wá, pé Ọlọ́run á bá wọn tún un ṣe. Bó ṣe ní kóun fara ti igi, igi mì.

Ó gbé ọmọ fún ìyá rẹ̀. Ó fi ìka kan ti igi náà, ó tún mì.

"Ta ló pa igi yìí lẹ́nu mọ́?"

"Ìyá, kì í jẹ́ kí ọmọ sùn ni," ìyàwó dáhùn. "Bàbá Ọmọ ló bá wa yọ nǹkan orí rẹ̀."

"Igi tó bá ru ẹrù kì í mì, ìyàwó mi. Bó bá ń ké, ó ń sọ fún yín pé ẹrù òun ti ń wúwo jù. Èyí ò ru nǹkan kan mọ́. Ta ló wá ń ru òkè báyìí?"

Ìyá ní kí tọkọtaya náà rọra gbé ọmọ bọ́ síta, kí wọ́n má mú ohunkóhun.

Orí àga gbọọrọ aládùúgbò ni wọ́n jókòó sí. Aládùúgbò fúnra rẹ̀ lọ pe àwọn olùṣọ́ àjà. Ìyá Akanjà wá bi ọmọ rẹ̀ pé kí ló ń jẹ lẹ́yìn ilé. Ó jẹ́wọ́ gbogbo rẹ̀. Ó ní òun kàn fẹ́ máa rí ọmọ òun ni.

"Mo mọ̀," ìyá rẹ̀ ní. "Ṣùgbọ́n ọmọ tí o fẹ́ máa rí, abẹ́ àjà yẹn náà lo tẹ́ ẹ sí."

Nígbà tó ṣe díẹ̀, Bàbá Ọmọ dìde pé òun fẹ́ sáré mú aṣọ ìbora ọmọ wá. Ìyá rẹ̀ di ṣòkòtò rẹ̀ mú. Ó ṣì ń bẹ ìyá pé kó fi òun sílẹ̀ nígbà tí wọ́n gbọ́ ìró kan nínú yàrá, tí eruku sì gba ẹnu ọ̀nà jáde. Òkúta pẹlẹbẹ tó tóbi tó tábìlì ti já bọ́ sórí ibùsùn. Ìyàwó gbá ọmọ mọ́ àyà, ó sunkún. Ọkọ náà sunkún, kò sì tijú.

Àwọn olùṣọ́ àjà dé, wọ́n ri igi tuntun mẹ́rin, wọ́n sì fi òkúta dí ibi tí ọkọ ti jẹ lára òpó. Bàbá Ọmọ bá wọn ṣe é títí iṣẹ́ fi parí. Iṣẹ́ náà mọ́ ọn lọ́wọ́ débi pé wọ́n gbà á síbẹ̀. Òpó tí àwọn ẹlòmíràn ti jẹ ládùúgbò ló ń dí báyìí, ìyá rẹ̀ sì ń kọ́ ọ ní àjà kíkàn. Ó ń délé kí ọmọ tó sùn.

Lọ́jọ́ kìíní tí wọ́n padà sí yàrá, igi tuntun ké kẹ̀rẹ̀ẹ̀. Ọmọ ta gìrì. Bàbá rẹ̀ fi ọ̀pá kan àjà, ó dún bí òkúta tó le. Ìyá rẹ̀ gbé e, ó ní, "Má bínú, ọkọ mi, iṣẹ́ ló ń ṣe."

Ẹ̀yin ará ilé wa, ẹ má jẹ òpó, bó ti wù kó sanra tó. Bí ẹnìkan bá ń jẹ ẹ́ ládùúgbò yín, ẹ tètè sọ, torí àbámọ̀ ló ń gbẹ̀yìn ọ̀rọ̀. Ẹ má yọ ohunkóhun lórí igi tó gbé àjà dúró. Bí igi bá mì, ẹ bọ́ síta láì mú nǹkan kan. Ọmọ tó bá ta gìrì, ẹ gbé e pọ̀n. Igi tó bá ń ké, ẹ pe olùṣọ́ àjà.