Géèmù Tí Kò Fẹ́ Kójú Rí I

Ẹni tó bá mọ Ṣíjúadé dáadáa kò ní pe ìtàn yìí ní irọ́. Kì í ṣe ẹni tó máa ń bù mọ́ ọ̀rọ̀. Tó bá ní òjò rọ̀, lọ wo ilẹ̀, wàá bá omi níbẹ̀. Bí nǹkan náà ṣe ṣẹlẹ̀ sí i ní Jakande Estate, Ìsọlọ̀, bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ la ṣe máa sọ ọ́.

Olùkọ́ físíìsì ni. Kò sí nǹkan tó ń lo iná tó ń bà á lẹ́rù. Áyọ́ọ̀nù tí kò gbóná mọ́, fáànù tó ń ké, rédíò tó ń kùn, òun ni àwọn ará búlọ́ọ̀kù wọn ń gbé e wá fún. Yóò jókòó, yóò tú u palẹ̀, yóò wá ibi tó ti bàjẹ́ títí yóò fi rí i.

"Nǹkan kì í ṣàdédé bàjẹ́," bó ṣe máa ń wí fáwọn ọmọ kíláàsì rẹ̀ nìyẹn. "Ẹ wá ìdí rẹ̀."

Òun àti bàbá rẹ̀ nìkan ló ń gbé nínú ilé náà. Ìyá wọn ti kú. Babáfẹ́mi, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ọkùnrin, wà ní Àkúrẹ́ pẹ̀lú aya àti ọmọ. Iṣẹ́ rélùwéè ni Bàbá ṣe l'Óṣòdì kó tó fẹ̀yìn tì, kò sì pẹ́ lẹ́yìn ìyẹn tí ojú rẹ̀ fi bẹ̀rẹ̀ sí í ṣókùnkùn. Wọ́n ṣe iṣẹ́ abẹ fún un. Kò ṣiṣẹ́. Ojú náà lọ pátápátá.

Látìgbà yẹn ni Bàbá kò ti fẹ́ sọ̀rọ̀ mọ́. Yóò jókòó sí pálọ̀ láti àárọ̀, yóò kọjú síbi tí afẹ́fẹ́ ti ń wá. Oúnjẹ tí wọ́n bá gbé síwájú rẹ̀ á tutù. Èyí ló dun Ṣíjúadé jù lọ láyé, nítorí kò sí ohun tó lè tú níbẹ̀, kò sì sí ohun tó lè tún dè.

Ní ọ̀sán Sátidé kan, ó ń palẹ̀ orí wọ́dúróòbù mọ́, ó wá rí páálí kan tí eruku ti bò. Géèmù àtijọ́ ló wà nínú rẹ̀, irú èyí tí wọ́n máa ń so mọ́ tẹlifíṣọ̀n, tí wọ́n ń ki kásẹ́ẹ̀tì bọ̀ lórí. Ti Babáfẹ́mi ni nígbà tó wà lọ́mọdé. Páàdì kan ṣoṣo ló kù nínú páàdì méjì tí wọ́n fi ń gbá a. Kásẹ́ẹ̀tì kan wà níbẹ̀ pẹ̀lú. Dúdú ni. Kò sí àwòrán lára rẹ̀, kò sí orúkọ.

"Bàbá, mo rí géèmù ẹ̀gbọ́n mi o."

Ó gbé e lọ sí pálọ̀. Òjò ti ń ṣú níta, ilé ti ṣókùnkùn díẹ̀. Ó so wáyà mọ́ ẹ̀yìn tẹlifíṣọ̀n, ó ki kásẹ́ẹ̀tì bọ̀ ọ́, ó tẹ súìṣì. Iná pupa kékeré tàn níwájú géèmù náà. Ojú tẹlifíṣọ̀n di búlúù. Kò sí àwòrán. Kò sí ohùn.

Kò yà á lẹ́nu. Ó mọ ibi tí wọ́n ti ń bẹ̀rẹ̀. Ó yọ kásẹ́ẹ̀tì náà, ó fi òwú àti sípírítì nu ẹnu rẹ̀ títí tí idẹ ibẹ̀ fi dán. Kò fẹ́ atẹ́gùn sí i bí àwọn ọmọdé ṣe máa ń ṣe, torí itọ́ ló ń jẹ ibẹ̀ run. Ó ki í padà. Búlúù. Ó fi míítà wo adápítọ̀ tó ń gbé iná wọ inú rẹ̀. Iná ń wọlé bó ṣe yẹ. Ó wá gbogbo ṣánẹ́ẹ̀lì orí tẹlifíṣọ̀n láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Búlúù. Ó pààrọ̀ wáyà. Búlúù náà ni.

"Màá rí ẹ mú," ó wí fún géèmù náà, ó sì lọ bu omi mu ní kíṣìnì.

Kò tíì gbé ife sẹ́nu tí orin fi bẹ̀rẹ̀ ní pálọ̀.

Orin géèmù ni, tín-ín-rín, tó ń sáré. Ṣíjúadé sáré padà. Orin dákẹ́. Búlúù.

"Bàbá, ẹ gbọ́ ọ?"

"Mo gbọ́."

"Ẹ fọwọ́ kan nǹkan?"

"Rárá."

Ó rò ó. Bóyá nǹkan kan ló ṣí nínú rẹ̀, tí ẹsẹ̀ òun fi ń mì í tóun bá ń rìn. Ó gbé géèmù náà sórí ìrọ̀rí. Ó bọ́ bàtà. Ó rìn jáde wọ́ọ́rọ́wọ́. Orin bẹ̀rẹ̀. Ó fi ẹ̀yìn rìn padà wọlé, kò wo tẹlifíṣọ̀n. Orin ń lọ. Ó dúró sáàárín pálọ̀, ẹ̀yìn rẹ̀ ló kọ sí i. Orin ṣì ń lọ.

Ó yíjú.

Orin dákẹ́.

Ó tún yíjú kúrò. Orin náà bẹ̀rẹ̀ láti ibi tó ti dúró.

Irun ọrùn rẹ̀ dìde. Síbẹ̀ kò sá. Ó lọ mú dígí wá, ó fi wo tẹlifíṣọ̀n láti ẹ̀yìn. Orin dákẹ́. Ó gbé fóònù rẹ̀ sórí tábìlì kó máa ká a sílẹ̀, ó wọ yàrá lọ, ó sì gbọ́ orin náà ní àgbọ́yé. Nígbà tó wo ohun tí fóònù ká, búlúù ló rí, kò sí ohùn kankan níbẹ̀. Bàbá nìkan ló wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, tó ń mi orí díẹ̀díẹ̀ sí orin tí fóònù kò gbọ́.

Ó ṣẹ̀ṣẹ̀ fi fóònù sílẹ̀ ni Bàbá na ọwọ́.

"Gbé nǹkan tí wọ́n ń tẹ̀ yẹn fún mi."

"Bàbá, báwo lẹ ṣe—"

"Gbé e fún mi, Ṣíjú. Kó o sì lọ sí yàrá."

Ó gbé e fún un. Ó lọ. Òjò ti dé, ó ń rọ̀ sórí páànù. Lábẹ́ ohùn òjò, ó gbọ́ orin. Ó gbọ́ bí Bàbá ṣe ń tẹ páàdì, kọ̀, kọ̀, kọ̀. Lẹ́yìn náà ló gbọ́ ohun tí kò gbọ́ láti ọdún tí ojú bàbá rẹ̀ ti fọ́. Bàbá ń rẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín náà ti inú rẹ̀ wá.

Omi bọ́ lójú Ṣíjúadé. Ó fetí sílẹ̀ sí i. Ìgbà náà ló ṣàkíyèsí pé tí Bàbá bá ti tẹ páàdì tirẹ̀, páàdì mìíràn máa ń dá a lóhùn. Kọ̀, kọ̀. Kọ̀, kọ̀. Páàdì kan ṣoṣo ló wà nínú ilé.

Lọ́jọ́ yẹn, Bàbá jẹ iyán tán, ó tún béèrè ẹran.

"Bàbá, báwo lẹ ṣe ń mọ ibi tẹ́ ẹ máa gbà nínú géèmù yẹn?"

"Ó ń sọ fún mi."

"Ta ni?"

"Ẹni tá a jọ ń gbá a."

"Ohùn ọkùnrin àbí ohùn obìnrin?"

Bàbá ronú. "Ó sún mọ́ etí mi," ó wí.

Ṣíjúadé pe Babáfẹ́mi lórí fóònù.

"Ẹ̀gbọ́n mi, kásẹ́ẹ̀tì dúdú tó wà nínú géèmù yín, géèmù wo ni?"

"Dúdú kẹ̀? Mi ò ní dúdú. Gbogbo tèmi, yẹ́lò ni. Mo sì ti fún àwọn ọ̀rẹ́ mi ní Ṣógúnlé kí n tó wọ yunifásítì. Ṣíjú, kò sí kásẹ́ẹ̀tì kankan nínú páálí yẹn o. Èmi ni mo dì í."

Ẹlòmíràn ì bá ti gbé e jù sí ààtàn. Ṣíjúadé kò ṣe bẹ́ẹ̀. Bàbá ti ń sọ̀rọ̀. Ó ń jẹun. Ó ń sọ ìtàn rélùwéè, bí àwọn ṣe máa ń mọ rélùwéè tó ń bọ̀ nípa fífi àtẹ́lẹsẹ̀ kan irin. Ta ló fẹ́ ba ìyẹn jẹ́? Tó bá ti dé láti iléèwé, yóò tan géèmù náà fún un, yóò sì wọ yàrá lọ máa máàkì iṣẹ́ àwọn ọmọ.

Ìrọ̀lẹ́ kan wá dé. Orin ń lọ bó ṣe máa ń lọ. Bàbá dédé dáwọ́ títẹ̀ dúró.

"Rárá," Ṣíjúadé gbọ́ tó wí. "Mi ò tíì ṣetán."

Orin ṣì ń lọ.

"Mo mọ̀ pé kò jìnnà."

Ṣíjúadé jáde. Orin dákẹ́.

"Bàbá, kí ló ń sọ?"

"Ó ní kí n máa bọ̀ lọ́dọ̀ àwọn. Ó ní màá ríran níbẹ̀."

"Kí lẹ fẹ́ dá a lóhùn?"

"Ó wù mí kí n ríran, Ṣíjú," Bàbá wí jẹ́jẹ́.

Ṣíjúadé na ọwọ́ sí wáyà kó fà á yọ lára ògiri. Ó wo ojú bàbá rẹ̀. Ó fa ọwọ́ padà. Ó jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, sápá òsì.

"Ẹ gbé e fún mi."

Ó gba páàdì náà. Ó gbóná, bí ọwọ́ tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ bọ̀. Ó di ojú rẹ̀ méjèèjì.

Orin bẹ̀rẹ̀.

Bàbá ń mí lápá ọ̀tún rẹ̀. Ó gbọ́ ọ. Lẹ́yìn náà ló gbọ́ ẹlòmíràn tó ń mí lápá òsì. Èémí tútù. Ó kan etí rẹ̀.

"Ṣíjúadé," ohùn kan wí. "Má ṣíjú."

Gbogbo ara rẹ̀ ní kó la ojú. Kò là á. Ó gbé ohùn sókè, ohùn tó fi ń kọ́ni ní kíláàsì, kò sì gbọ̀n.

"Ẹ kú ìrọ̀lẹ́. Mi ò mọ̀ yín. Ẹ ṣeun tẹ́ ẹ jẹ́ kí bàbá mi rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n kò níí bá yín lọ síbì kankan, ẹ má sì bẹ̀ ẹ́ mọ́. Tó bá jẹ́ ẹni tẹ́ ẹ máa bá ṣeré lẹ ń wá, ẹ̀yin ni kẹ́ ẹ wá síbí."

Orin dúró láàárín. Èémí náà dúró pẹ̀lú. Níta, adìẹ kan ké, ó dákẹ́.

"Ó dáa," ohùn náà wí.

Ṣíjúadé la ojú. Búlúù.

"O pè é wálé," Bàbá wí.

Látọjọ́ yẹn, géèmù náà kò dún mọ́, yálà ẹnì kan ń wò ó tàbí kò sẹ́ni tó ń wò ó. Ṣíjúadé yọ wáyà rẹ̀, ó dì í sínú páálí. Bàbá kò padà sínú ìdákẹ́jẹ́ẹ́ rẹ̀ àtijọ́. Ó ń sọ̀rọ̀, ó ń jẹun. Ṣíjúadé gbà pé òun ti borí.

Ní ọjọ́ Sọ́ńdè kan, wọ́n dé láti ṣọ́ọ̀ṣì. Nimotallahi, obìnrin tí ilẹ̀kùn rẹ̀ kọjú sí tiwọn, dúró lórí àtẹ̀gùn pẹ̀lú báàkẹ́ẹ̀tì omi.

"Háà, Àǹtí Ṣíjú! Bàbá náà bá yín jáde ni?"

"A jọ lọ ṣọ́ọ̀ṣì ni."

"Ta ló wá ń gbá géèmù nílé yín láti àárọ̀?"

Wọ́n fetí sílẹ̀. Lẹ́yìn ilẹ̀kùn tí Ṣíjúadé fọwọ́ ara rẹ̀ tì, orin ń dún, tín-ín-rín, ó ń sáré. Kọ̀, kọ̀. Kọ̀, kọ̀.

Ó ki kọ́kọ́rọ́ bọ ihò rẹ̀. Orin dákẹ́.

"Ta ni yẹn?" ẹnì kan béèrè láti inú ilé, jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́.

Nimotallahi fi báàkẹ́ẹ̀tì sílẹ̀, ó wọlé rẹ̀, ó ti ilẹ̀kùn gbọn-in. Ṣíjúadé di ọwọ́ bàbá rẹ̀ mú. Ó mí kanlẹ̀.

"Àwa onílé ni," ó dáhùn, ó sì ṣí ilẹ̀kùn.

Oòrùn ọ̀sán kún pálọ̀. Kò sí ẹnikẹ́ni níbẹ̀. Bàbá bọ́ ọwọ́ rẹ̀ kúrò nínú tirẹ̀, ó wọlé láìtáràrà.

"Ẹ kúulé o," ó wí.

Àga kan dún ní pálọ̀, bí àga ṣe máa ń dún nígbà tí ọmọlúàbí bá dìde fún àgbàlagbà.