Ohun tí Keziah Fi Zóbò Bò

Keziah wọ ilé ìgbọ̀nsẹ̀ ilé ẹ̀kọ́ wọn ní Kétu, ó ti ilẹ̀kùn, ó sì da zóbò díẹ̀ sí ẹ̀yìn síkẹ́ẹ̀tì rẹ̀. Oṣù kẹta ọdún 2006 ni. Ó ti pé ọmọ ọdún mẹ́tàdínlógún, ó wà ní SS3, ṣùgbọ́n kò tíì rí nǹkan oṣù rí. "Baby" ni àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ń pè é. Ó fẹ́ kí wọ́n rí àbàwọ́n náà kí wọ́n sì panu mọ́.

Gbogbo wọn gbà á gbọ́ àfi Bridget, ọ̀rẹ́ rẹ̀.

"Keziah, ẹ̀jẹ̀ wo ló ń rùn bí atalẹ̀?"

Keziah bú sẹ́kún, ó jẹ́wọ́.

"Má sunkún. Aunty mi ní Mile 12 ń ta àgbo kan tó máa ń fa nǹkan oṣù wá wéré. Ṣáà má sọ fún Mummy ẹ o."

Tísà Báyọ́lọ́jì ti sọ pé ọmọbìnrin tí kò bá tíì rí nǹkan oṣù títí di ọjọ́ orí yẹn gbọ́dọ̀ lọ rí dókítà, ṣùgbọ́n ojú ń ti Keziah. Ó gba ìgò náà, ó ń mu ún ní kọ̀rọ̀. Lọ́jọ́ kẹta, lọ́jọ́ ìdánwò mọ́ọ̀kì gan-an, inú ń lọ́ ọ bí aṣọ tí wọ́n ń fún. Ó bì títí, ó sì dákú sí ẹnu ọ̀nà kíláàsì.

Ìyá rẹ̀, tó ń ránṣọ, pa máṣíìnì tì, ó sáré gbé e lọ sí ọsibítù kan ní Ogudu. Nígbà tí ara Keziah balẹ̀, ó sọ ohun tó mu àti ìdí tó fi mu ún. Dókítà Oyèwùmí ní kí wọ́n yàwòrán inú rẹ̀. Lẹ́yìn náà ó fa àga sún mọ́ wọn.

"Mummy, àpò ẹyin ọmọ yín wà, ìdí nìyẹn tó fi dàgbà bí àwọn ẹgbẹ́ ẹ̀. Ilé ọmọ ni kò sí."

Ìyá Keziah káwọ́ lérí. "Ta ló gbé ilé ọmọ ọmọ mi o? Ẹ̀gbọ́n bàbá ẹ̀ ni! Mo mọ̀!"

"Kò sẹ́ni tó gbé e, ma. Nígbà tí oyún ẹ̀ nínú yín kò tíì ju oṣù méjì, mẹ́ta lọ, ìgbà yẹn ni ilé ọmọ máa ń bẹ̀rẹ̀ sí í hù lára ọlẹ̀. Tiẹ̀ kò hù. Ẹ̀yin kọ́ lẹ fà á, òun náà kọ́. Kò sì sí àgbo tó lè fa ẹ̀jẹ̀ jáde látinú ohun tí kò sí."

Nígbà tí wọ́n délé, ìyá rẹ̀ ní orí òkè àdúrà ni àwọn ń lọ, ó di ogójì ọjọ́ kí àwọn tó sọ̀ kalẹ̀, WAEC ìbáà bẹ̀rẹ̀. Keziah kúnlẹ̀.

"Mummy, mi ò kọ àdúrà. Ẹ jẹ́ ká máa gbà á nílé. Ọlọ́run tó dá mi láìní ilé ọmọ fún mi lọ́pọlọ. Mo máa ṣe WAEC mi."

Nígbà tó di ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kejì, ìyá rẹ̀ lọ yúnífọ́ọ̀mù ọmọ rẹ̀, ó fi kọ́ ara ilẹ̀kùn.

Ní kíláàsì, Keziah bá Bridget níbi tó ti ń na irú ìgò yẹn sí Jessica, ọmọ kíláàsì wọn kan tí inú ń run.

"Jessica, má mu ún! Mo mu ún, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ pa mí. Lọ rí dókítà."

Ẹnì kan rẹ́rìn-ín: "Baby!" Keziah kò sorí kodò. Jessica dá ìgò padà. Ojú ti Bridget, ó lọ dà á nù.

Mọ́ọ̀kì tó pàdánù, òun nìkan ló padà ṣe é. Kẹ́mísírì gbé e ṣubú ní WAEC, nítorí ẹ̀kọ́ tó pàdánù ní ọ̀sẹ̀ tó fi dùbúlẹ̀ sí ọsibítù. Ó tún un ṣe lópin ọdún, ó yege, ó sì wọ ilé ẹ̀kọ́ nọ́ọ̀sì. Ìyá rẹ̀ lọ tọrọ àforíjì lọ́wọ́ ẹ̀gbọ́n ọkọ rẹ̀ tó ti fẹ̀sùn kàn.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́, bí ara yín bá ń ṣe ohun tí kò yé yín, ẹ má fi pamọ́, ẹ má sì mu oògùn kọ̀rọ̀. Abèèrè kì í ṣìnà. Inú ilé ọmọ ni gbogbo wa ti wá, ó sì níyì, ṣùgbọ́n òun nìkan kọ́ ló ń sọ obìnrin di èèyàn.