Ọdún Méje Tí Ìwé Kan Gbé Mì

Inú ń bí Hidayat lọ́jọ́ tó kọ́kọ́ rí Abdulmumini. Láti àárọ̀ ló ti jókòó sójú fèrèsé ọ́fíìsì ìjọba tó ti ń ṣiṣẹ́ ní Ìlọrin, tó ń gba ìwé lọ́wọ́ àwọn tíṣà tí wọ́n ti fi ṣe òṣìṣẹ́ onígbà-díẹ̀ fún ọdún méje. Ìjọba ti gbà láti sọ wọ́n di òṣìṣẹ́ gidi, àmọ́ oníkálukú gbọ́dọ̀ buwọ́ lu ìwé kí aago mẹ́rin tó lù.

"Ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ kí n kà á ná," ni ọkùnrin gíga kan wí. Ṣọ́ọ̀kì ṣì wà lápá ẹ̀wù rẹ̀.

"Tíṣà, ẹ wẹ̀yìn yín. Ṣé gbogbo àwọn yìí náà á kà á? Ẹ sáà buwọ́ lù ú."

Abdulmumini wò ó títí, ó rẹ́rìn-ín, ó buwọ́ lù ú.

Lọ́jọ́ kejì, ó padà wá béèrè ẹ̀dà ìwé rẹ̀. Wọ́n ní kò sí ẹ̀dà. Lọ́jọ́ kẹta, kò dárúkọ ìwé mọ́. Wàrà díndín ló gbé wá, ó ní òun ò mọ ẹlòmíràn tí òun ì bá gbé e fún. Kí oṣù tó parí, Tíṣà mi ni Hidayat ń pè é, Hida sì ni òun náà ń pè é. Hidayat mọ̀ lọ́kàn ara rẹ̀ pé òun ti rí ọkọ.

Owó oṣù àkọ́kọ́ ló tú àṣírí. Ìwé tí wọ́n buwọ́ lù sọ pé ọjọ́ náà gan-an ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Ọdún méje ti wọgbó. Olúyẹmí, tí ìjọba gbà síṣẹ́ gidi nígbà tí Abdulmumini ti ń ṣe onígbà-díẹ̀ bọ̀, tó jẹ́ pé Abdulmumini ló fi ọ̀nà iṣẹ́ hàn án, fi ìpele mẹ́rin jù ú lọ. Ilé ìwé kan náà, iṣẹ́ kan náà, owó ò dọ́gba.

Nígbà tí Abdulmumini àti àwọn èèyàn rẹ̀ wá tọrọ Hidayat, bàbá rẹ̀, Alhaji Garba oníṣòwò aṣọ ní Gàmbàrí, fi ọ̀yàyà gbà wọ́n, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ le.

"Ọmọ mi, ìwà rẹ dáa, o ò sì fi ìrun ṣeré. Àmọ́ àbọ̀ òṣìṣẹ́ ni ìjọba kà ọ́ sí. Jẹ́ kí wọ́n mú ọ bá ẹgbẹ́ rẹ dọ́gba ná, lẹ́yìn náà a ó so yìgì, bí Ọlọ́hun bá fẹ́."

Ni wọ́n bá bẹ̀rẹ̀ sí í dúró. Àwọn tíṣà kọ̀wé ẹ̀hónú, ìjọba gbé ìgbìmọ̀ dìde. Ìgbìmọ̀ fòní dónìí, wọ́n fọ̀la dọ́la. Wọ́n ní alága rìnrìn àjò. Wọ́n ní fáìlì sọnù, fáìlì tí Hidayat fọwọ́ ara rẹ̀ tò sínú kọ́bọ́ọ̀dù. Ọdún méjì gbáko lọ báyìí, àwọn àbúrò Hidayat méjì sì ti lọ ilé ọkọ.

Níkẹyìn, ìgbìmọ̀ ní àwọn tíṣà fúnra wọn ló ka ìwé náà tí wọ́n sì fara mọ́ ọn. Lọ́jọ́ náà, ní ṣọ́ọ̀bù ẹ̀gbọ́n Abdulmumini ní Ṣàngó, Hidayat bú sẹ́kún.

"Èmi ni mo fà á. Èmi ni mo kán yín lójú tí ẹ fi buwọ́ lù ú."

"Hida, mo lójú tí mo lè fi kà á," ni Abdulmumini wí. "Ìwọ ni mò ń wò."

"Mo máa lọ sọ fún wọn pé a ò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni kà á."

"Má dán an wò. Wọ́n á gbé ọ lọ síbi tí a ò ti ní rí ara wa mọ́."

Hidayat lọ. Ó dúró níwájú ìgbìmọ̀, ó dárúkọ ara rẹ̀, ó sọ ọ́ bó ṣe rí: ọ̀gá òun ló ní kí òun má jẹ́ kí wọ́n fi ìwé kíkà fa àkókò, kí òun má sì fún ẹnikẹ́ni ní ẹ̀dà. Alága dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Lọ́sẹ̀ kejì, lẹ́tà dé, wọ́n ti gbé e lọ sí Kosubosu, ní ìpẹ̀kun ìpínlẹ̀ Kwara. Ẹni tó bá mọ ọ̀nà Kosubosu mọ̀ pé ìyẹn kì í ṣe ìgbéga.

Hidayat rò pé bàbá òun á lé Abdulmumini dànù. Bàbá náà sì ránṣẹ́ pè é lóòótọ́.

"Ṣé ìwọ lo ní kó lọ jẹ́rìí?"

"Rárá, Bàbá. Mo bẹ̀ ẹ́ pé kó má lọ."

Alhaji Garba ń fa tẹ̀sùbáà rẹ̀.

"Ọmọ tí mo bí fi iṣẹ́ ẹ̀ wewu nítorí òótọ́. Èmi àgbà, láti ọdún méjì, mo jókòó, mò ń dúró kí ìjọba wá sọ fún mi bí ọkùnrin kan ṣe tó. Ojú tì mí. Lọ kó àwọn èèyàn rẹ wá lọ́jọ́ Jímọ̀."

Wọ́n so yìgì lẹ́yìn ìrun Jímọ̀. Nígbà tó di ọjọ́ Ajé, ọkọ sin ìyàwó dé gáréèjì. Ìgbìmọ̀ kò tíì sọ nǹkan kan lórí ẹ̀rí tí Hidayat jẹ́. Ìyàwó ọjọ́ mẹ́ta ni Hidayat. Inú rẹ̀ dùn, inú sì ń bí i, kò mọ èyí tí ì bá kọ́kọ́ sọ.

"Mo máa wá bá ọ níparí oṣù," ni Abdulmumini wí.

"Owó oṣù yín ò tó ìrìn Kosubosu, Tíṣà mi."

"Ó tó àlọ."

"Àbọ̀ ńkọ́?"

"Ta ló fẹ́ bọ̀?"

Hidayat rẹ́rìn-ín, omijé sì ń bọ́ lójú rẹ̀. Dírẹ́bà ní kí wọ́n tilẹ̀kùn, ọkọ̀ sì gbéra.